Kodi Smit-McPhee, láti ọmọdé inú sinimá dé àgbà òṣèré: àwọn ìbéèrè tí ẹ máa ń bi mí

Gbogbo ìgbà tí mo bá ti dárúkọ ọmọkùnrin yìí, ìbéèrè kan náà lẹ máa ń bi mí, mo wá ní kí n kúkú kó gbogbo ẹ̀ síbì kan. Ẹ lè fò lọ síbi tó bá wù yín. Àmọ́ tẹ́ ẹ bá dé ibi The Power of the Dog, mo máa sọ bó ṣe parí o, ẹni tí ò bá tíì wò ó kó yáa yọ ibẹ̀ sílẹ̀.

Ta tiẹ̀ ni Kodi Smit-McPhee yìí?

Òṣèré ọmọ Ọsirélíà ni, ìlú Adelaide ni wọ́n bí i sí ní June 13, 1996. Tẹ́ ẹ bá ti wo X-Men, tẹ́ ẹ rí ọmọkùnrin aláwọ̀ búlúù onírù tó máa ń pòórá fúù, òun nìyẹn. Tẹ́ ẹ bá dẹ̀ wo The Power of the Dog lórí Netflix, ọmọ tín-ín-rín tó ń fi bébà ṣe òdòdó, òun náà ni. Ó ga, ó tẹ́ẹ́rẹ́, ojú ẹ̀ tóbi.

Ohun tó jẹ́ kí n máa tẹ̀lé e látọjọ́ yìí ni pé ọmọ tó bá fi ojú ọmọdé gbajúmọ̀, tí irùngbọ̀n bá ti ń hù báyìí, a kì í sábà gbúròó ẹ̀ mọ́. Eléyìí ò sọnù. Kò dẹ̀ lọ máa gbé irin kó lè di akọni, kò lọ di lọ́fábọ̀ì inú sinimá. Ojú ọmọ tẹ́nikẹ́ni lè fìyà jẹ, tó fi ń jẹun ní kékeré, ojú yẹn náà ló ṣì fi ń jẹun títí di báyìí, ó kàn ti kọ́ bó ṣe máa jẹ́ kí ojú yẹn bà wá lẹ́rù ni.

Ṣé àwọn òbí ẹ̀ ló tì í wọ iṣẹ́ yìí ni?

Inú ilé eléré ló kúkú dàgbà sí. Andy McPhee, bàbá ẹ̀, oníjàkadì ni kó tó di òṣèré, irú àwọn tí wọ́n máa ń pè tí wọ́n bá ń wá ẹni tó máa ṣe jàǹdùkú; ó wà nínú Wolf Creek, ó dẹ̀ wà nínú Sons of Anarchy. Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ obìnrin, Sianoa, ti ń ṣe Bree Timmins nínú Neighbours nígbà tí àbúrò ṣì kéré, Neighbours yẹn dẹ̀ ni síríìsì tí gbogbo ilé ní Ọsirélíà mọ̀ láti 1985. Torí náà Kodi ò nílò kẹ́nì kan wá ṣàlàyé fún un ohun tí ọdíṣọ̀n jẹ́ tàbí béèyàn ṣe ń há ọ̀rọ̀ sórí, ó ti ń rí i nílé.

Fíìmù wo ló kọ́kọ́ jẹ́ káwọn èèyàn mọ̀ ọ́n?

Romulus, My Father, ó jáde ní 2007. Ìtàn tó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́ ni, Raimond Gaita ló kọ ọ́ nípa bàbá ẹ̀ tó ṣí wá láti Yúróòpù wá máa gbé ní ìgbèríko Victoria, tí ọpọlọ ìyàwó ẹ̀ ò balẹ̀, tí obìnrin yẹn máa ń lọ, tó máa tún padà wá, tó máa tún lọ. Eric Bana ló ṣe bàbá, Franka Potente ṣe ìyá, Kodi ni ọmọ tó wà láàárín wọn. Richard Roxburgh tó darí ẹ̀, òṣèré lòun náà, fíìmù gígùn tó kọ́kọ́ darí nìyẹn.

Tẹ́ ẹ bá wò ó, ẹ ṣọ́ bí ọmọ yẹn ṣe máa ń dákẹ́. Àwọn àgbà á máa pariwo, wọ́n á máa sunkún, òun á kàn dúró síbì kan á máa wò wọ́n, kámẹ́rà á dẹ̀ padà sí ojú ẹ̀ torí ibẹ̀ la ti máa mọ bí ọ̀rọ̀ yẹn ṣe dùn ún tó. Nígbà tí wọ́n pín àwọọ̀dù AFI, ìyẹn àwọọ̀dù fíìmù ilẹ̀ Ọsirélíà, lọ́dún yẹn, fíìmù yẹn gba ti fíìmù tó dáa jù, Kodi dẹ̀ gba ti ọ̀dọ́ òṣèré. Ọmọ ọdún 11 ni nígbà yẹn o.

Báwo ló ṣe wá dé Hollywood?

The Road ló gbé e débẹ̀, 2009. Ìwé Cormac McCarthy tó gba Pulitzer, àmì ẹ̀yẹ ńlá fún ìwé ní Amẹ́ríkà, ní 2007 ni wọ́n sọ di fíìmù, John Hillcoat tó jẹ́ ọmọ Ọsirélíà bíi tiẹ̀ ló darí ẹ̀, Viggo Mortensen ló ṣe bàbá. Ayé ti bàjẹ́ nínú fíìmù yẹn, wọn ò tiẹ̀ sọ fún wa ohun tó bà á jẹ́, igi ti kú, oòrùn ò ràn, àwọn èèyàn ti ń pa èèyàn jẹ, bàbá àtọmọ wá ń ti kẹ̀kẹ́ tí wọ́n fi ń rajà ní súpámákẹ́ẹ̀tì kiri, wọ́n ń lọ sí etí òkun. Pennsylvania ni wọ́n ti ya èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀, nínú òtútù gidi.

Ibi kan wà tí bàbá yẹn rí agolo Coca-Cola kan ṣoṣo, tó ṣí i fún ọmọ. Ọmọ tí wọ́n bí lẹ́yìn tí ayé ti bàjẹ́, kò mu irú ẹ̀ rí. Ẹ wo bí Kodi ṣe mu ún, ó fi ètè kàn án, gáàsì ta á, ó rò ó díẹ̀, ó wá ní kí bàbá òun náà mu. Kò sí orin tó ń fipá mú yín sunkún níbẹ̀, àmọ́ ẹ máa sunkún.

Ibi tó wá le jù fún mi ni ti olè. Ọkùnrin kan jí gbogbo ẹrù wọn, bàbá lé e bá, ó ní kó bọ́ gbogbo aṣọ ara ẹ̀ títí tó fi wà níhòòhò nínú òtútù, ọmọ yẹn ń sunkún, ó ń bẹ bàbá ẹ̀ pé kó fi í sílẹ̀. Nínú gbogbo fíìmù yẹn, ọmọ yẹn nìkan ló ṣì láàánú èèyàn. Tí ọmọ tó ń ṣeré yẹn bá ṣe é bíi pé ó há a sórí ni, fíìmù yẹn ti dàrú nìyẹn. Ọmọ ọdún 11 ni nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yà á, ẹgbẹ́ Viggo Mortensen ló dẹ̀ dúró sí, kò sí ibì kan tó ti dà bíi pé wọ́n kàn fà á dání. Fíìmù yẹn ò pa owó rẹpẹtẹ sha, àmọ́ gbogbo dírẹ́kítọ̀ wò ó.

Ilé ìwé ńkọ́? Ta ló dẹ̀ ń gba owó ẹ̀?

Ẹ máa ń béèrè èyí gan-an, òótọ́ dẹ̀ ni pé ó yẹ kéèyàn béèrè. Ní Ọsirélíà ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ló ní òfin tiẹ̀. Ní Victoria, ọmọ tí ò bá tíì pé ọdún 15, ìjọba gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i kí wọ́n tó gbà á síṣẹ́. Ní California, wákàtí tí ọmọdé lè lò níwájú kámẹ́rà lóǹkà, tíṣà dẹ̀ gbọ́dọ̀ wà níbi iṣẹ́ tó ń kọ́ ọ níwèé láàárín ìgbà tí wọ́n ń to iná.

Ti owó, òfin kan wà ní California tí wọ́n ń pè ní Coogan Law, 1939 ni wọ́n ṣe é. Jackie Coogan ni ọmọ tó bá Charlie Chaplin ṣeré ní 1921, owó tó pa pọ̀ gan-an, ìgbà tó dàgbà tó wá béèrè ẹ̀, ìyá ẹ̀ àti ọkọ ìyá ẹ̀ ti ná an tán, ó gbé wọn lọ sí kóòtù. Látàrí ẹ̀ ni wọ́n fi ṣe òfin yẹn, ìgbà tí wọ́n wá tún un ṣe ní 2000, wọ́n ní ìdá 15 nínú 100 owó tí ọmọ bá gbà gbọ́dọ̀ wọ àkáǹtì kan tẹ́nikẹ́ni ò lè fọwọ́ kàn títí ọmọ á fi pé 18. Lójú tèmi ìdá 15 yẹn ti kéré jù, àmọ́ ó sàn ju òfo lọ.

Let Me In ńkọ́? Mo gbọ́ pé fíìmù ẹlẹ́rù ni.

Ẹlẹ́rù ni, àmọ́ kì í ṣe irú èyí tó kàn ń pariwo gbàà mọ́ọ̀yàn. 2010 ló jáde, Matt Reeves ló darí ẹ̀, àwọn ará Sweden ti kọ́kọ́ ṣe tiwọn ní 2008. Kodi ni Owen, ọmọ kan ní Los Alamos tí wọ́n ń fìyà jẹ nílé ìwé, tó wá ń bá ọmọbìnrin kan tó ń gbé lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn ṣọ̀rẹ́, ọmọbìnrin yẹn dẹ̀ ń mu ẹ̀jẹ̀ èèyàn. Chloë Grace Moretz ló ṣe ìyẹn.

Àwọn kan ní ti Sweden ti tó, kí ni wọ́n tún ń ṣe òmíràn fún. Mi ò bá wọn jiyàn. Àmọ́ ẹ wo ibi tí Owen ti dá wà ní yàrá ẹ̀, tó gbé ìbòjú rọ́bà wọ̀, tó mú ọ̀bẹ dání níwájú dígí, tó wá ń sọ ọ̀rọ̀ táwọn tó ń fìyà jẹ ẹ́ máa ń sọ sí i. Ohùn ẹ̀ tútù minimini. Ẹ fi ibẹ̀ sọ́kàn, torí a máa padà bá irú ọmọ yẹn ní Montana, nínú The Power of the Dog.

Nǹkan mìíràn ni pé ní gbogbo fíìmù yẹn, wọn ò jẹ́ ká rí ojú ìyá Owen dáadáa. Ọmọ yẹn ló kù tá a ń wò. Matt Reeves dẹ̀ mọ ohun tó rí, torí nígbà tó ń ṣe Dawn of the Planet of the Apes ní 2014, ó tún pe Kodi padà.

Ṣé ìgbà kan wà tí iṣẹ́ ẹ̀ fẹ́ kú?

Kò kú, àmọ́ láàárín ọdún 2011 sí 2014 yẹn, ẹ rí i pé ó ń wá ibi tó máa fẹsẹ̀ lé. Ohun tó máa ń ṣe gbogbo ọmọdé òṣèré nìyẹn, ohùn á yí, ẹsẹ̀ á gùn, kò ní tíì dà bí ọkùnrin, kò dẹ̀ ní dà bí ọmọdé mọ́, àwọn tó ń yan òṣèré ò ní mọ ibi tí wọ́n máa fi í sí. Ní 2012 ohùn ẹ̀ nìkan ló lò nínú ParaNorman, káàtúùnù ọmọ tó ń rí òkú tó ń bá wọn sọ̀rọ̀, wọ́n dẹ̀ yan fíìmù yẹn fún Oscar ti káàtúùnù. Ó ṣe Benvolio nínú Romeo & Juliet ti 2013, mi ò ní nǹkan tí mo fẹ́ sọ nípa ìyẹn. Ti Dawn tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan, owó tó pa lágbàáyé ju mílíọ̀nù 700 dọ́là lọ, àmọ́ àwọn ọ̀bọ ló ni fíìmù wọn, kí la fẹ́ sọ.

Òótọ́ ni pé ara ẹ̀ ò yá?

Òun fúnra ẹ̀ ló ti sọ ọ́ fáwọn oníròyìn. Ọmọ ọdún 16 ni nígbà táwọn dókítà sọ fún un pé ó ní ankylosing spondylitis, irú làkúrègbé kan tó máa ń mú eegun ẹ̀yìn, tí ara á le gbagidi, tí ìrora ò ní jẹ́ kéèyàn sùn. Ó dẹ̀ kan ojú, ojú ẹ̀ kan ò ríran mọ́. Ẹ wá ro ẹni tó ní irú ẹ̀ tó tún ń gun ẹṣin nínú fíìmù, tó tún ń sá lórí yìnyín. Mi ò sọ ọ́ káàánú ẹ̀ lè ṣe yín o. Ẹ ti béèrè ìdí tó fi máa ń rìn gbọọrọ bíi pé wọ́n fi igi sí i lẹ́yìn, ó lè jẹ́ bí wọ́n ṣe ní kó rìn nínú eré ni, ó dẹ̀ lè jẹ́ ara ẹ̀ ni.

Ìgbà wo gan-an ló wá di àgbà òṣèré?

Lójú tèmi, Slow West ní 2015. Ọmọ Scotland kan ló ṣe, Jay, ọmọ ọdún 16 tó rìnrìn àjò dé Amẹ́ríkà láyé àwọn kábọ́ì torí ọmọbìnrin tó fẹ́ràn. Michael Fassbender ló ń ṣọ́ ọ lọ́nà. New Zealand ni wọ́n ti yà á. Ọmọ yẹn gọ̀, ó ní ìfẹ́ lójú, gbogbo ayé ń rẹ́ ẹ jẹ, a dẹ̀ ń bẹ̀rù fún un láti ìbẹ̀rẹ̀. Níparí ẹ̀, ìbọn ba ìgò iyọ̀ lórí pẹpẹ, iyọ̀ wá ń dà sójú ọgbẹ́ ẹ̀. Ẹ ò ní mọ̀ bóyá kẹ́ ẹ rẹ́rìn-ín ni. Fíìmù yẹn gba àmì ẹ̀yẹ ńlá àwọn fíìmù ilẹ̀ òkèèrè ní Sundance, àjọ̀dún fíìmù kan ní Amẹ́ríkà.

X-Men ńkọ́?

Nightcrawler ló ṣe, nínú X-Men: Apocalypse ti 2016 àti Dark Phoenix ti 2019. Alan Cumming ló kọ́kọ́ ṣe é ní 2003. Ọ̀dà búlúù lójú, eyín ṣóńṣó, ìrù, wákàtí àìmọye lórí àga kí wọ́n tó kùn ún tán. Owó wà níbẹ̀, orúkọ wà níbẹ̀, eré ò fi bẹ́ẹ̀ sí níbẹ̀. Ẹ má bínú.

Mo rí i pẹ̀lú ajá kan, fíìmù wo nìyẹn?

Alpha, 2018. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo wò ó. Nǹkan bíi 20,000 ọdún sẹ́yìn ni ìtàn yẹn, ọmọkùnrin kan já bọ́ níbi tí wọ́n ti ń ṣọdẹ, bàbá ẹ̀ rò pé ó ti kú, ó wá ń dá rìn padà sílé pẹ̀lú ìkookò tóun fúnra ẹ̀ gún lọ́bẹ tó tún ń tọ́jú. Àwọn èèyàn inú ẹ̀ ò sọ Gẹ̀ẹ́sì, èdè tí wọ́n jókòó ṣẹ̀dá ni wọ́n ń sọ. Èyí tó pọ̀ jù nínú fíìmù yẹn, òun àti ẹranko yẹn nìkan ni, kò sẹ́ni tó máa dá a lóhùn. Ẹni tó bá ń ṣiyèméjì pé ṣé ọmọ yìí lè dá gbé fíìmù kan, kó lọ wò ó.

Kí ló tiẹ̀ wà nínú The Power of the Dog tí gbogbo èèyàn ń pariwo?

Ibi tí mo ní kẹ́ ẹ yọ sílẹ̀ nìyí.

Jane Campion ló darí ẹ̀, 2021. Montana ní 1925 ni wọ́n ní ó ti ṣẹlẹ̀, àmọ́ Otago ní New Zealand ni wọ́n ti yà á, kòrónà tiẹ̀ dá iṣẹ́ yẹn dúró ní 2020. Benedict Cumberbatch ni Phil, darandaran kan tẹ́nu ẹ̀ mú bí abẹ. Àbúrò ẹ̀ wá fẹ́ opó kan, Kirsten Dunst, opó yẹn dẹ̀ kó ọmọ ẹ̀ Peter dání. Kodi ni Peter.

Ìgbà àkọ́kọ́ tí Phil rí òdòdó bébà tí Peter ṣe sórí tábìlì oúnjẹ, ó ki ìka bọ̀ ọ́, ó fi ṣẹ̀sín, ó tún ki iná bọ ọ̀kan kó lè fi tan sìgá. Ọmọ yẹn ò sọ nǹkan kan. Nígbà tó yá, ó ń rìn kọjá níwájú àgọ́ àwọn darandaran, ṣòkòtò ẹ̀ tuntun le gbangba, bàtà ẹ̀ funfun, wọ́n ń súfèé sí i, wọ́n ń bú u, ó kàn ń lọ, ó lọ wo ìtẹ́ ẹyẹ lórí igi, ó tún gba iwájú wọn padà. Kò sáré. Ibẹ̀ ló yẹ ká ti fura.

Ó máa ń fi ìka ra eyín kóòmù, kìrìkìrì, ohun tó máa ń mú ìyá ẹ̀ bínú. Ó mú ehoro wálé, a rò pé ó fẹ́ máa sìn ín ni, ó là á, torí ó fẹ́ di dókítà. A rí gbogbo ẹ̀, a ò kà á sí, torí a ti ń wo ojú ọmọ yìí láti The Road, a ti gbà pé òun ni wọ́n máa ń fìyà jẹ. Láàárín kan ó wọ ìbọ̀wọ́, ó bó awọ màlúù tí àrùn anthrax pa, ó fi pa mọ́, ó wá gbé e fún Phil tó ní ọgbẹ́ lọ́wọ́ pé kó fi hun okùn. Phil kú. Peter fi ìbọ̀wọ́ ti okùn yẹn sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó yọjú lójú fèrèsé, ó rí ìyá ẹ̀ tí ọkọ ẹ̀ dì mọ́ra, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

Ó dẹ̀ ti sọ fún wa látìbẹ̀rẹ̀ fíìmù, kí ojú ẹ̀ tó hàn rárá, pé ọkùnrin wo lòun máa jẹ́ tóun ò bá gba ìyá òun là. Òṣèré tó taagun tó ní ojú líle ò lè ṣe ipa yẹn, kíá la máa mọ̀. Kodi nìkan ló lè tàn wá, torí gbogbo ipa tó ti ń ṣe láti kékeré ló ń bá a parọ́ fún wa.

Ṣé ó wá gba Oscar?

Kò gbà á. Wọ́n yàn án fún ti amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ òṣèrékùnrin, òun àti Jesse Plemons tí wọ́n jọ ṣe fíìmù yẹn, Troy Kotsur ló gbà á fún CODA, ọkùnrin adití àkọ́kọ́ tó gba Oscar fún eré ṣíṣe, mi ò lè bínú síyẹn. Ibi 12 ni wọ́n ti yan The Power of the Dog, Campion nìkan ló gba tiẹ̀. Àmọ́ Kodi gba Golden Globe ní January 2022. Ọdún yẹn gan-an ni wọn ò fi Golden Globe hàn lórí tẹlifíṣọ̀n torí ìjà tó wà lọ́rùn àwọn tó ń ṣe é, kò sí èrò tó ń pàtẹ́wọ́. Ẹ wo oríire tí wọ́n fún un ní kọ̀rọ̀!

Ṣé ó ti níyàwó?

Ìbéèrè tó kàn, ẹ jọ̀ọ́.

Kí ló ń ṣe látìgbà yẹn?

Ó wà nínú Elvis ní 2022, èyí tí Baz Luhrmann yà ní Gold Coast nílẹ̀ wọn ní Ọsirélíà, ipa kékeré ni. Ní 2024 ó ṣe ọmọ Cate Blanchett nínú Disclaimer, síríìsì Alfonso Cuarón lórí Apple TV+, ọmọ tí ayé ti sú, tí kò fẹ́ràn ìyá ẹ̀. Ọdún yẹn náà ló wà nínú Maria pẹ̀lú Angelina Jolie tó ṣe Maria Callas, olórin ọpẹ́rà, ó ń ṣe oníròyìn kan tó ń jẹ́ Mandrax, tẹ́ ẹ bá dẹ̀ mọ̀ pé Mandrax lorúkọ oògùn tí obìnrin yẹn ń lò, ẹ ti mọ irú oníròyìn tó jẹ́ nìyẹn.

Kí ló dé táwọn ọmọ Ọsirélíà fi pọ̀ báyìí ní Hollywood?

Neighbours àti Home and Away wà lára ẹ̀. Síríìsì ojoojúmọ́ ni wọ́n, iṣẹ́ wọn ń sáré, ọ̀dọ́ á há ọ̀rọ̀ tó pọ̀ sórí, á sọ ọ́, wọ́n á kọjá síbòmíràn. Margot Robbie, Guy Pearce, Chris Hemsworth, ibẹ̀ ni gbogbo wọn ti gbowọ́. Wọ́n dẹ̀ máa ń fa ara wọn lọ́wọ́: Hillcoat ló mú Kodi lọ sínú The Road, Guy Pearce wà nínú ẹ̀, Jason Clarke ló ṣe bàbá ẹ̀ nínú Dawn, Ben Mendelsohn wà nínú Slow West.

Èwo ni kí n kọ́kọ́ wò?

Tẹ́ ẹ bá ní ọmọ nílé, ParaNorman tàbí Alpha, àmọ́ nínú Alpha ibi tí ẹranko ti ń gbé èèyàn jù wà o, ẹ wo ọjọ́ orí ọmọ yín. Tó bá jẹ́ ẹ̀yin nìkan ni, ẹ wo The Road, kẹ́ ẹ fi Let Me In tẹ̀ lé e, kẹ́ ẹ wá wo The Power of the Dog. Ẹ má wo The Road lálẹ́ ọjọ́ tẹ́ ẹ máa lọ síbi iṣẹ́ lọ́jọ́ kejì ṣá.